Owó Tó Dé Lẹ́yìn Ọjọ́

Ẹ̀yin òǹkàwé wa, ẹ má tètè dá ọkùnrin yìí lẹ́jọ́. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ rò ó fún yín bó ṣe rò ó fún mi, lẹ́yìn náà kí kálukú sọ tẹnu rẹ̀.

Alágbàfọ̀ ni. Kò-jó-rí ni àwọn oníbàárà ń pè é, torí pé láti ìgbà tó ti ń fi áyọ́ọ̀nù lọ aṣọ jẹun, kò jó aṣọ ẹnikẹ́ni rí. Àwọn aláwàdà inú wọn ní orúkọ náà ní ìtumọ̀ kejì: pé kò sẹ́ni tó rí i kó jó rí, títí kan ọjọ́ ìgbéyàwó ara rẹ̀. Òun náà á rẹ́rìn-ín, á ní, "Áyọ́ọ̀nù nìkan lèmi ń bá jó."

Ìyàwó rẹ̀ ti kú. Wọn ò bímọ. Àbúrò obìnrin kan ṣoṣo ló kù fún un láyé, nọ́ọ̀sì ni, ìlú mìíràn ló sì ń gbé, nínú ilé tí bàbá wọn fi sílẹ̀ fún àwọn méjèèjì.

Nígbà tí Kò-jó-rí fẹ́ yáwó ní báńkì láti fi ra ẹ̀rọ ìfọṣọ ńlá, ilé yẹn ni wọ́n fi dúró fún owó náà. Nọ́ọ̀sì fọwọ́ sí i, kò janpata. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, bí mi ò bá dúró fún yín, ta ni kí n dúró fún?"

Ẹ̀rọ dé, iṣẹ́ ò dé. Òtẹ́ẹ̀lì tó ṣèlérí pé gbogbo aṣọ bẹ́ẹ̀dì òun lòun á máa kó wá lọ ra ẹ̀rọ tirẹ̀. Èlé bẹ̀rẹ̀ sí í gorí owó, owó ń gorí èlé. Báńkì pè é lẹ́jọ́, wọ́n sì jàre. Adájọ́ ní kó san gbogbo rẹ̀ pátá.

Lẹ́yìn ìdájọ́ ni lọ́yà báńkì kọ̀wé sí i. Bó bá lè mú ìdajì gbèsè náà wá lẹ́ẹ̀kan náà, kí ọ́fíìsì tó ti lọ́jọ́ tí oṣù bá parí, báńkì á fọwọ́ lẹ́rán, wọ́n á dárí ìyókù jì í, wọ́n á sì yọwọ́ kúrò lórí ilé. Ṣùgbọ́n bí kò bá pé, tàbí tó bá pẹ́, a jẹ́ pé kò sí àdéhùn kankan. Gbogbo gbèsè ni wọ́n á gbà, kóòtù ni wọ́n á sì fi gbà á.

Kò-jó-rí kó èyí tó ní jọ. Kò tó nǹkan. Nọ́ọ̀sì ló fi èyí tó pọ̀ jù kún un, owó tó ti ń tọ́jú de ọjọ́ tó máa fẹ̀yìn tì.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ó ti wọlé?"

"Ó ti wọlé. Nọ́ọ̀sì, mi ò mọ ẹnu tí màá fi dúpẹ́."

"Ẹ má dúpẹ́. Ẹ ṣáà bá mi san án, kí n lè rí oorun sùn."

Ọjọ́ Ẹtì lowó náà pé. Ó ní bó bá di ọjọ́ Ajé, òun á gbé e lọ.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta ló wà láàárín wọn, ibẹ̀ sì ni gbogbo ọ̀rọ̀ ti dàrú.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ṣe rí. Yàrá gígùn tóóró kan ni. Aṣọ kọ́ sí hángà láti ẹnu ọ̀nà dé ògiri ẹ̀yìn, ní ìlà ìlà, nọ́ńbà kéékèèké lára wọn. Ooru áyọ́ọ̀nù àti òórùn sítáàṣì kì í kúrò níbẹ̀. Bẹ́ńṣì kan wà lábẹ́ fèrèsé fún àwọn oníbàárà, àmọ́ àwọn oníbàárà kì í jókòó. "Ṣé aṣọ mi ti ṣe tán?" Wọ́n á sanwó, wọ́n á gba ṣéńjì, ó tán. Lẹ́yìn ikú ìyàwó rẹ̀, ọ̀sẹ̀ odindi lè lọ kí ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ má kọjá iye owó àti ọjọ́ tí aṣọ máa jáde.

Ẹnì kan ṣoṣo ló máa ń jókòó. Tíṣà ni, obìnrin kan tó ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé ẹ̀kọ́ girama ìtòsí. Àràárọ̀ Àbámẹ́ta ló máa ń gbé aṣọ wá, tí á sì jókòó sórí bẹ́ńṣì, á máa máàkì ìwé ìdánwò. Bó bá dé ibi tó pani lẹ́rìn-ín, á kà á sókè.

"Ẹ gbọ́ èyí o. Mo ní kí wọ́n kọ ohun mẹ́ta tí a ń fi omi ṣe. Ọmọ yìí kọ ọ́ pé: a ń mu ún, a ń fi wẹ̀, a sì ń fi dá ọmọ tó ń sùn ní kíláàsì jí."

Kò-jó-rí á gbé áyọ́ọ̀nù sílẹ̀ kó tó rẹ́rìn-ín, torí aṣọ oníaṣọ.

Kò sí nǹkan kan láàárín wọn. Mo bi í dáadáa, ó sì búra. Ó ní, "Ẹni tó ń jókòó tì mí ni. Kò jù bẹ́ẹ̀ lọ." Lẹ́yìn náà ó ní, "Ṣùgbọ́n ìyẹn náà pọ̀."

Àbámẹ́ta tí mò ń wí yìí, Tíṣà dé lọ́wọ́ òfìfo. Kò gbé aṣọ, kò gbé ìwé. Ó kàn jókòó, ó ń wo ìta.

"Tíṣà, ṣé kò sí?"

"Ojú ìyá mi ni. Ọ̀kan ti lọ. Dókítà ní bí àwọn ò bá ṣiṣẹ́ abẹ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀ yìí, èkejì náà á tẹ̀ lé e. Wọ́n sì ní àwọn fẹ́ rí owó kí àwọn tó gbé e wọlé."

"Owó náà ò sí?"

"Ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ wa níléèwé ti ní àwọn á yá mi, ṣùgbọ́n ìparí oṣù ni." Ó gbójú sókè. "Mi ò wá tọrọ nǹkan o. Mo kàn ń wá ibi tí màá jókòó sí ni."

Ẹ̀yin òǹkàwé, bó bá jẹ́ pé ó tọrọ ni, bóyá ọkùnrin yìí ì bá rántí lẹ́tà lọ́yà. Kò tọrọ. Ìyẹn ló mú un.

"Èló ni?"

Tíṣà dárúkọ iye. Kì í ṣe kékeré, ṣùgbọ́n kò tó ìdámẹ́rin owó tó wà nílẹ̀.

"Mo ní in," ni Kò-jó-rí wí.

"Ẹ̀yin?"

"Ṣé mi ò jọ ẹni tó lè lówó ni?"

"Ẹ má bínú. Ẹ̀rù ló ń bà mí. Ṣé kì í ṣe owó nǹkan mìíràn?"

Ó ní òun fẹ́ sọ òótọ́. Ọ̀rọ̀ náà wà létè òun, ó ku kó já bọ́. Gbèsè báńkì ni. Ilé bàbá mi ni. Àbúrò mi ló ni ín. Ṣùgbọ́n ojú tì í láti sọ fún obìnrin yìí pé kóòtù ti dá òun lẹ́bi. Ó sì mọ̀ pé bí òun bá sọ ọ́, Tíṣà ò ní gbowó náà, á dìde, á lọ wá a níbòmíràn, níwájú ẹlòmíràn.

"Owó tó kàn wà nílẹ̀ ni."

"Bí oṣù bá ti parí, ẹ ó rí i gbà. Mi ò ní dójú tì yín."

Ó rò ó lọ́kàn ara rẹ̀ pé ìparí oṣù náà ni báńkì dá. Ìparí oṣù kò ju ìparí oṣù lọ.

Tíṣà fi ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì di ọwọ́ rẹ̀ mú, kò sì tètè fi í sílẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọdún ni kò ti sẹ́ni tó fọwọ́ kàn án ju ẹni tó ń gba ṣéńjì lọ. Ó ní nígbà tí obìnrin náà lọ tán, òun dúró sójú kan, òun ò lè gbé áyọ́ọ̀nù.

Ọjọ́ Ajé dé, kò lọ sọ́dọ̀ lọ́yà. Báwo ni yóò ṣe lọ? Owó ò pé mọ́.

Láàárín ọ̀sẹ̀ ni Tíṣà ya wọlé, kò sì dúró de Àbámẹ́ta mọ́. Ó ń rẹ́rìn-ín láti ẹnu ọ̀nà. "Wọ́n ti ṣe é! Màmá ríran! Ohun àkọ́kọ́ tó sọ ni pé mo ti rù!"

Inú Kò-jó-rí dùn dénú. Ó bá a rẹ́rìn-ín, ó bá a jókòó. Nígbà tó ṣe, ó fi ọgbọ́n bi í pé, "Àwọn ẹgbẹ́ yín ńkọ́?"

"Wọ́n ní ó ku díẹ̀. Akápò wọn ló rìnrìn àjò, òun ló sì gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i. Àbí ẹ fẹ́ lò ó kíákíá ni?"

"Rárá o! Mo kàn béèrè ni."

Ẹ wò ó, ìgbà kejì nìyẹn tí ọ̀nà là fún un, tó fọwọ́ ara rẹ̀ dí i.

Lọ́jọ́ tí oṣù parí, akápò ò tíì dé. Kò-jó-rí wọ ẹ̀wù tó dáa jù, ó gbé ìyókù owó, ó mórí lé ọ́fíìsì lọ́yà. Ọ̀dọ́bìnrin ni lọ́yà náà, onísùúrù ni. Ó fún un ní àga, ó ní kí wọ́n bá a ka owó náà. Nígbà tí wọ́n kà á tán, ó wò ó lójú.

"Bàbá, kò pé."

"Ó ku díẹ̀. Ìyókù ń bọ̀ lọ́nà."

"Ó ń bọ̀ lónìí?"

"Láìpẹ́."

Lọ́yà mí kanlẹ̀. "Ká ní ẹ wá bá mi lọ́sẹ̀ tó kọjá, ká kọ̀wé sí báńkì pé kí wọ́n fún yín láàyè díẹ̀ sí i ni. Wọ́n máa ń gbà nígbà mìíràn. Kí ló dé tí ẹ ò wá?"

Kí ni yóò sọ? Pé ojú ń ti òun? Ó ti owó náà sún mọ́ lọ́yà.

"Mo lè gba èyí lọ́wọ́ yín," ni lọ́yà wí, "ṣùgbọ́n apá kan gbèsè lásán ni màá kọ ọ́ sí. Kì í ṣe ti àdéhùn mọ́. Bó bá di ọ̀la, ìdájọ́ kóòtù ti padà sí bó ṣe wà. Ṣé kí n gbà á?"

"Ẹ gbà á." Ó rò pé bí wọ́n bá rí owó lọ́wọ́, ojú àánú wọn á là.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, fóònù dún. Nọ́ọ̀sì ni.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé ó ti parí?"

Ó ní òun ò gbèrò irọ́. Òun fẹ́ sọ pé jókòó, mo fẹ́ bá ọ sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ohun tó jáde ni, "Ó ti parí."

Igbe ayọ̀ tí Nọ́ọ̀sì ké! Ó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, ó ń kọrin, ó ń ju fóònù láti etí kan sí èkejì. "Ọ̀la ni màá pe akunlé wá! Iwájú ilé yẹn ti di ìríra, mo kàn ń wò ó ni, mo ní mi ò ní kun ilé tí báńkì fẹ́ gbà. Ẹ̀gbọ́n mi, Ọlọ́run á gbé yín ga!"

"Àmín," ni Kò-jó-rí wí.

Nígbà tí oṣù tuntun wọlé díẹ̀, Tíṣà sáré dé. Owó náà pé pérépéré nínú àpò ìwé, ó sì ra ṣẹ́ẹ̀tì tuntun kan kún un láti fi dúpẹ́. Kò-jó-rí gbà á, ó dúpẹ́, ó ti ṣọ́ọ̀bù, ó sì gba ọ̀nà ọ́fíìsì lọ́yà lọ. Lọ́yà kà á, ó mi orí, ó kọ ọ́ mọ́ ti àkọ́kọ́. Ìdajì tí báńkì béèrè gan-an ló san tán yẹn, kò dín rárá. Ọjọ́ nìkan ló yẹ̀. Ìdajì yòókù, tó yẹ kó ti di àforíjì, wà lọ́rùn rẹ̀ síbẹ̀, èlé sì ń gùn ún lọ.

Ìgbà díẹ̀ lẹ́yìn náà ni àwọn bélífù kóòtù dé pẹ̀lú ọkọ̀ akẹ́rù, ní ọ̀sán gangan.

Wọ́n hùwà ọmọlúàbí o. Olórí wọn ka ìwé sí i létí, ó ní, "Ẹ̀rọ la wá kó. Aṣọ oníbàárà, a ò ní fọwọ́ kàn án. Kí kóówá wá mú tirẹ̀."

Ẹ ò rí i bí òpópónà ṣe kún! Àwọn tí kì í jókòó wá dúró, wọ́n dúró pẹ́. Ọkùnrin kan gbá hángà mọ́ra, ó ń pariwo, "Ṣòkòtò mi ò jẹ báńkì lówó o! Ṣòkòtò mi ò fọwọ́ síwèé kankan!" Àwọn ènìyàn bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rọ ńlá náà kọjá láàárín wọn, ó ń ro omi sílẹ̀ bí wọ́n ṣe ń tì í lọ.

Inú èrò yẹn ni Tíṣà wà. Ó wọlé, ó bi bélífù pé kí ló ṣẹlẹ̀, bélífù sì sọ fún un. Ó yíjú sí Kò-jó-rí.

"Ìgbà wo ni wọ́n ní kí ẹ san owó náà?"

"Tíṣà, ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀."

"Ìgbà wo ni?"

"Ìparí oṣù tó kọjá lọ́hùn-ún."

Ó rí i bí obìnrin náà ṣe ń rò ó nínú, tí ojú rẹ̀ ń yí padà.

"Mo bi yín. Àní mo bi yín! Mo ní ṣé kì í ṣe owó nǹkan mìíràn."

"Mo mọ̀ pé bí mo bá sọ ọ́, ẹ ò ní gbà á."

"Mi ò ní gbà á lóòótọ́! Ǹ bá lọ bẹ ọ̀gá iléèwé. Ǹ bá ta gbogbo ohun tí mo ní. Ẹ sọ mí di ẹni tó wó yín láìmọ̀. Báyìí, bí ìyá mi bá wojú mi, kí ni kí n máa rò?" Omi lé sí i lójú. "Ẹ rò pé oore lẹ ṣe mí yẹn?"

Ó jáde. Àbámẹ́ta dé, kò wá. Àbámẹ́ta mìíràn dé, kò wá.

Ẹ̀yin náà á rò pé ó yẹ kó pe àbúrò rẹ̀ báyìí. Kò pè é. Ó ń tan ara rẹ̀ pé owó ẹ̀rọ á tó gbèsè. Wọ́n ta ẹ̀rọ náà ní iye tí kò ṣeé gbọ́ sétí, ẹni tó rà á tún ń ráhùn pé ó ti gbó. Báńkì padà sí kóòtù, kóòtù ní kí wọ́n gba ilé tí ó fi dúró.

Ọ̀sán kan, ó wà nínú ṣọ́ọ̀bù òfìfo, ó ń gbálẹ̀ tí kò dọ̀tí. Fóònù dún. Ohùn Nọ́ọ̀sì ń rẹ́rìn-ín.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ bá mi gbọ́ nǹkan! Àwọn ará kóòtù kan wà níwájú ilé, wọ́n ní àwọn fẹ́ lẹ ìwé mọ́ ògiri mi. Mo ní wọ́n ti ṣìlé. Mo ti gbóhùn fóònù sókè, gbogbo àdúgbò ń gbọ́ yín. Ẹ sọ fún wọn pé ẹ ti san án."

Ó ń gbọ́ àwọn ènìyàn lẹ́yìn rẹ̀. Ẹnì kan wúkọ́.

"Ẹ̀gbọ́n mi?"

"Nọ́ọ̀sì, gbé fóònù wọlé, jọ̀ọ́."

"Kí ni mo fẹ́ gbé e wọlé ṣe? Ẹ sọ ọ́ níbí, kí wọ́n lè máa lọ."

"Mi ò san án pé lọ́jọ́ tí wọ́n dá fún mi."

Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ohùn ọkùnrin kan, ohùn pẹ̀lẹ́, "Màmá, ṣé ká máa ṣe é?"

Ohùn Nọ́ọ̀sì rọlẹ̀ pátápátá. "Ẹ máa ṣe é."

Kò pa fóònù. Kò-jó-rí ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń fa búrọ́ọ̀ṣì àtè lára ògiri tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kùn náà, lọ, bọ̀, lọ, bọ̀, títí wọ́n fi ṣe tán.

Wọ́n ta ilé náà. Báńkì yọ tiwọn, wọ́n dá ìyókù padà fún àwọn tó ni ilé. Ọ́fíìsì lọ́yà yẹn náà ni ẹ̀gbọ́n àti àbúrò ti pàdé láti gbà á. Nọ́ọ̀sì ti rù. Ó pín owó náà sí méjì lórí tábìlì, ó ti ìdajì sí iwájú ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

"Nọ́ọ̀sì, má ṣe báyìí sí mi. Kó gbogbo rẹ̀."

"Ilé bàbá wa ni. Tiyín nìyẹn. Mi ò lè gba ohun tí kì í ṣe tèmi."

"Bá mi jà. Bú mi."

"Mi ò ní bú yín. Ní ti owó, mo ti dárí jì yín. Ní ti ilé náà, màá gbìyànjú." Ó ń di báàgì rẹ̀. "Ṣùgbọ́n ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn, mò ń yọ̀ lórí fóònù, mò ń kọrin, ẹ̀yin mọ̀ pé irọ́ ni. Ẹ gbọ́ orin náà títí dé òpin. Ẹ tún ṣe àmín. Ibẹ̀ yẹn, Ẹ̀gbọ́n mi, mi ò tíì lè kọjá rẹ̀."

"Ṣé kí n máa pè ọ́?"

"Ẹ má pè mí. Bí mo bá ti lè ṣe é, èmi ni màá pè yín."

Ó ní kó máa tọ́jú ara rẹ̀. Ó sì jáde.

Kò-jó-rí wà lábẹ́ ọ̀gá báyìí, ní ṣọ́ọ̀bù alágbàfọ̀ kan ní òdìkejì ìlú, ó ń bá wọn lọ aṣọ. Àwọn tó wà níbẹ̀ kò mọ ìnagijẹ rẹ̀. Bàbá ni wọ́n ń pè é. Ìdajì owó ilé wà ní báńkì mìíràn, orúkọ Nọ́ọ̀sì ló fi pa á mọ́ síbẹ̀, kò sì tíì sọ fún un, torí kò lè pè é.

Yàrá kan ló gbà. Ibẹ̀ ni mo ti bá a sọ̀rọ̀. Fóònù rẹ̀ wà lórí tábìlì, ó dojú sókè. Ó dún lẹ́ẹ̀mejì nígbà tí mo wà níbẹ̀, ó sì fò mú un lẹ́ẹ̀mejèèjì. Ilé iṣẹ́ fóònù ló ń fẹ́ ta orin fún un.

Mo bi í pé kí ni kí n bá a sọ fún yín. Ó ní kí n sọ pé bí báńkì bá fi ọjọ́ sí ohun tí wọ́n fi lọ̀ yín, ẹ sọ ọjọ́ náà síta fún gbogbo ẹni tó bá kàn, kí ẹ sì tọ lọ́yà lọ kó tó pé. Ó ní ìtìjú ọjọ́ kan lòun ń sá fún.

Nígbà tí mo fẹ́ máa lọ, mo bi í léèrè ọ̀kan sí i. Bí Nọ́ọ̀sì bá pè lónìí, kí ni yóò kọ́kọ́ sọ?

Ó wo fóònù náà, ó ní, "Òun ló máa kọ́kọ́ bi mí pé, 'Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé dáadáa lẹ wà?' Bó ṣe máa ń bẹ̀rẹ̀ nìyẹn."

"Kí lẹ máa wá sọ?"

"Màá ní rárá," ni ó wí. "Màá ní, Nọ́ọ̀sì, mi ò wà dáadáa."